LÁTI ORÍ ÌTÀGÉ AKẸ́KỌ̀Ọ́ DÉ ORÍ TẸLIFÍṢỌ̀N: ÀYẸ̀WÒ ÌRÌN-ÀJÒ KEN SARO-WIWA ÀTI ERÉ *BASI AND COMPANY*

Àṣamọ̀

Iṣẹ́ yìí ṣe àyẹ̀wò ọ̀nà tí Ken Saro-Wiwa tọ̀, láti orí ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ ní Yunifásítì Ìbàdàn títí ó fi di òǹkọ̀wé àti olóòtú eré *Basi and Company*, èyí tí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ìjọba àpapọ̀, NTA, gbé jáde láti ọdún 1985 sí ọdún 1990. Tíọ́rì ìbára-ẹni-gbépọ̀, èyí tó gbà pé inú àwùjọ ni iṣẹ́ ọnà ti ń jáde àti pé àwùjọ náà ni ó ń bá sọ̀rọ̀, ni àyẹ̀wò náà gùn lé. Ó hàn nínú iṣẹ́ yìí pé ohun mẹ́ta ni ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ fún òǹkọ̀wé náà: kíkọ eré kúkúrú, fífi àwàdà bá àwùjọ wí, àti ìgboyà láti dá eré sílẹ̀ pẹ̀lú ohun díẹ̀. Iṣẹ́ náà tún fi eré yìí wé àlọ́ Ìjàpá, ó yẹ ọ̀rọ̀ èdè tí eré náà lò wò, ó sì tọ́ka sí ìbéèrè pàtàkì kan tí eré náà kò bèèrè. Ní ìparí, ó dá àbá fún àwọn olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ ilé-ẹ̀kọ́ olùkọ́ni.

Ìfáárà

Àwọn Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ọmọ tí yóò jẹ́ Àṣàmú, kékeré ló ti ń ṣẹnu ṣámúṣámú. Òwe yìí ni àwọn tó ń kọ ìtàn ìgbésí ayé òǹkọ̀wé sábà máa ń sá dì nígbà tí wọ́n bá fẹ́ so ìgbà èwe ẹni náà mọ́ ìgbà tó di gbajúmọ̀. Ó rọrùn láti lo òwe náà fún Kenule Beeson Saro-Wiwa. Wọ́n bí i ní Bori, ní ilẹ̀ Ogoni, ní ọjọ́ kẹwàá oṣù kẹwàá ọdún 1941. Ó ka ìwé ní Government College, Umuahia, kó tó wá sí Ìbàdàn láti kọ́ nípa èdè àti lítíréṣọ̀ Gẹ̀ẹ́sì láàrin ọdún 1962 sí 1965. Ní Ìbàdàn yìí ni ó ti kọ eré kékeré kan tí ó pe àkọlé rẹ̀ ní *The Transistor Radio*. Inú eré náà ni àwọn ẹ̀dá-ìtàn méjì, Basi àti Alali, ti kọ́kọ́ yọjú. Àwọn méjì yìí kan náà ni gbogbo Nàìjíríà wá mọ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n.

Bí ènìyàn bá wo ìtàn náà fínnífínní, yóò rí i pé òwe yẹn nìkan kò tó láti fi tú u. Nǹkan bí ogún ọdún ló wà láàrin eré akẹ́kọ̀ọ́ yẹn àti ọjọ́ tí Basi kọ́kọ́ fojú hàn lórí tẹlifíṣọ̀n. Láàrin ogún ọdún náà, ogun abẹ́lé jà, òǹkọ̀wé náà di òṣìṣẹ́ ìjọba, ó di kọmíṣánnà, ó sì di oníṣòwò. Nítorí náà, ìbéèrè tí lámèyítọ́ gbọ́dọ̀ bèèrè ju pé ṣé ẹ̀bùn ti wà láti kékeré lọ. Ìbéèrè náà ni pé kí ni ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ gbìn, kí ni ayé fi kún un, kí sì ni tẹlifíṣọ̀n fún un tàbí gbà lọ́wọ́ rẹ̀? Ìbéèrè yìí kan àwọn ilé-ẹ̀kọ́ olùkọ́ni gbọ̀ngbọ̀n, nítorí pé ọdọọdún ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń ṣe eré nínú gbọ̀ngàn wọn, tí wọ́n sì ń ju ìwé eré náà nù bí ọwọ́ ìpàtẹ́wọ́ bá ti dákẹ́.

Ìbàdàn ní Ìbẹ̀rẹ̀ Àwọn Ọdún 1960

Kò sí ibi tó tún dára fún ọ̀dọ́ tó fẹ́ràn eré ní Nàìjíríà nígbà náà ju Ìbàdàn lọ. Ní ọdún 1959 ni Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn dá ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV sílẹ̀ níbẹ̀, òun sì ni àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà. Gbọ̀ngàn ìṣeré wà nínú ọgbà yunifásítì, ẹ̀ka ẹ̀kọ́ nípa eré-oníṣe sì bẹ̀rẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó ṣíwájú Saro-Wiwa, tí Dàpọ̀ Adélugbà wà lára wọn, ti mú eré apanilẹ́rìn-ín Molière, òǹkọ̀wé ilẹ̀ Faransé, wọ́n ti sọ ọ́ di ti Nàìjíríà, wọ́n fún ọlọ́gbọ́n-ẹ̀wẹ́ inú rẹ̀ ní orúkọ Súbérù, wọ́n sì gbé eré náà kiri ìlú. Ní ọgbà yìí kan náà ni Kọ́lá Ògúnmọ́lá ti gbé *Ọ̀mùtí* jáde ní ọdún 1963, tí òṣèré alárìnjò àti onímọ̀ yunifásítì fi pàdé lórí ìtàgé kan. Ní ọdún 1964 àti 1965, Wọlé Ṣóyínká kó àwọn eré kéékèèké jọ, ó fi wọ́n bú àwọn olóṣèlú ìgbà náà lójú ayé.

Irú àkójọ eré kéékèèké báyìí ni ó ṣe pàtàkì jù fún àyẹ̀wò yìí, nítorí pé fún àkójọ bẹ́ẹ̀ láàrin àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni Saro-Wiwa ṣe kọ *The Transistor Radio*. Eré irú èyí ní òfin tirẹ̀. Kò gùn. Kò ní aṣọ olówó ńlá tàbí ààfin ọba. Òṣèré méjì tàbí mẹ́ta, àga kan, ẹrù díẹ̀, ó parí. Àwọn òǹwòran ni akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ ẹni, tí wọn kì í fojú àánú wo eré tí kò dùn. Bí ẹ̀rín kò bá tètè dé, ariwo ni yóò dé. Ìdí nìyí tí òǹkọ̀wé irú eré bẹ́ẹ̀ fi gbọ́dọ̀ mọ bí a ti í fi gbólóhùn kan ṣoṣo ṣe àfihàn ìwà ènìyàn. Ẹni tó bá kọ́ èyí ní ọmọ ogún ọdún ti kọ́ ohun tí owó kò lè rà fún un nígbà tó bá dàgbà.

Ó tọ́ láti rántí pé kì í ṣe Saro-Wiwa nìkan ni ó bẹ̀rẹ̀ báyìí nínú ọgbà náà. Ní àkókò kan náà, láàrin ọdún 1961 sí 1962, ni Akínwùmí Ìṣọ̀lá, akẹ́kọ̀ọ́ ní Ìbàdàn, kọ *Ẹfúnṣetán Aníwúrà*. Wọ́n tẹ ìwé náà jáde ní ọdún 1970, wọ́n sì ṣe é ní pápá ìṣeré Liberty ní Ìbàdàn ní ọdún 1981. Ìṣọ̀lá náà dé ìdí iṣẹ́ àwòrán nígbẹ̀yìn, nítorí òun ni ó kọ *Ṣaworoidẹ* àti *Agogo Èèwọ̀* fún Túndé Kèlání. Akẹ́kọ̀ọ́ méjì, ọgbà kan náà, ọ̀nà méjì: ọ̀kan gba ọ̀nà èdè Yorùbá, èkejì gba ọ̀nà èdè Gẹ̀ẹ́sì.

Ogún Ọdún Láàrin Ìtàgé àti Tẹlifíṣọ̀n

Ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1967. Saro-Wiwa fara mọ́ ìjọba àpapọ̀, wọ́n sì fi í ṣe alábòójútó ní Bonny. Lẹ́yìn náà ó di kọmíṣánnà ní Ìpínlẹ̀ Rivers, wọ́n sì yọ ọ́ kúrò nípò náà ní ọdún 1973. Láti ìgbà náà, òwò ni ó gbájú mọ́ ní Port Harcourt. Ẹni tó bá wo òde yóò rò pé eré ti tán lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n pípẹ́ ni yóò pẹ́, akólòlò yóò pe baba.

Ohun tó so ogún ọdún náà pọ̀ ni rédíò. Saro-Wiwa tún *The Transistor Radio* kọ fún ìdíje eré orí afẹ́fẹ́ tí BBC ṣe fún àwọn òǹkọ̀wé Áfíríkà. Eré náà wà lára àwọn tó gba ẹ̀bùn, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé àkójọ eré rédíò mẹ́jọ ní ọdún 1973. Ìgbésẹ̀ yìí ṣe pàtàkì ju bí ó ṣe rí lójú lọ. Orí ìtàgé, òṣèré lè fi ojú, ọwọ́ àti ìrìn rẹ̀ dá ẹ̀rín sílẹ̀. Rédíò kò gba ìyẹn. Gbogbo ohun tí ara ń ṣe ni òǹkọ̀wé gbọ́dọ̀ gbé lé ẹnu. Ebi tó ń pa Alali gbọ́dọ̀ dún létí. Ìgbéraga Basi gbọ́dọ̀ wà nínú bí ó ṣe ń to ọ̀rọ̀. Nígbà tí eré náà wá dé orí tẹlifíṣọ̀n, àwòrán wá bá ìsọ̀rọ̀gbèsì tó ti lè dá dúró fúnra rẹ̀. Èyí ló fà á tí *Basi and Company* fi jẹ́ eré ẹnu ju eré ojú lọ. Yàrá Basi, ilé ọtí Dandy àti ojú pópó Adétọ́lá ní Èkó ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gbogbo ayé rẹ̀.

Àwọn kan lè ka èyí sí àìrówó ná. Kò burú bí wọ́n bá wí bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, àìrówó ná ni ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ ti fi kọ́ òǹkọ̀wé náà láti ìbẹ̀rẹ̀, ó sì ti sọ ọ́ di ọgbọ́n. Ogún ọdún yẹn náà kò ṣòfò. Ẹni tó ti jókòó sí àárín àwọn aláṣẹ, tó sì ti dúró sí àárín àwọn oníṣòwò ní àkókò tí owó epo rọ̀bì ń ya wọlé bí omi, ti rí Basi láàyè. Ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ ọdún 1964 fi ojú inú rí, oníṣòwò ọdún 1985 ti fi ojú ara rẹ̀ rí i.

Òǹkọ̀wé Tó Tún Jẹ́ Olóòtú

Nígbà tí NTA gba eré náà, Saro-Wiwa kò kọ ìwé eré lásán kó wá lọ jókòó sílé. Ilé-iṣẹ́ tirẹ̀, Saros International, ni ó gbé eré náà jáde. Ó ń kọ ọ́, ó ń ṣe olóòtú rẹ̀, ó sì ń wá owó rẹ̀. Enúgù ni wọ́n ti ń ya á. Nǹkan bí 150 ni iye ìpín eré náà nígbà tó fi parí ní ọdún 1990. Ní ọdún 1987, ìwé ìròyìn *New York Times* kọ̀wé nípa rẹ̀, ó sì fojú bu iye àwọn tó ń wò ó sí 30 mílíọ̀nù. Ní ọdún kan náà ni Saro-Wiwa sọ eré náà di ìwé ìtàn àròsọ, ó sì tún kọ *Mr. B* fún àwọn ọmọdé.

Bí ènìyàn bá wá àpẹẹrẹ irú olóòtú báyìí nínú àṣà eré ní ilẹ̀ yìí, kì í ṣe ọ́fíìsì ìjọba ni yóò ti rí i. Àárín àwọn alárìnjò ni yóò ti rí i. Hubert Ògúnǹdé ni ó ń kọ eré rẹ̀, tó ń darí rẹ̀, tó ń kó o kiri, tó sì ń ka owó ẹnu ọ̀nà. Dúró Ládiípọ̀ àti Moses Ọláìyá ṣe bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé Saro-Wiwa kò gun orí ìtàgé fúnra rẹ̀ bí ti wọn. Ọgbọ́n kan náà ni: ẹni tó ni ọ̀rọ̀ gbọ́dọ̀ ni ọkọ̀ tí yóò gbé ọ̀rọ̀ náà. Saro-Wiwa kọ́ kíkọ eré ní Ìbàdàn, ó sì kọ́ níní ọkọ̀ nídìí òwò. Bí ọ̀kan nínú méjèèjì bá yẹ̀, kò dájú pé *Basi and Company* ìbá wà.

Basi àti Ìjàpá

Àkọlé kékeré tí Saro-Wiwa fún ìwé ìtàn àròsọ rẹ̀ ti ọdún 1987 fi hàn pé ó ka Basi sí àlọ́ ilẹ̀ Áfíríkà ti òde òní. Òǹkàwé Yorùbá kò nílò ìtumọ̀ púpọ̀ níbí. Basi kò níṣẹ́ lọ́wọ́, ó jẹ gbèsè owó ilé, ó sì ń ti orí ète kan bọ́ sí òmíràn láti di olówó mílíọ̀nù lójijì. Èrò ọkàn rẹ̀ ni pé ẹni tó bá ti ń ronú bí olówó ti di olówó ná. Ìjàpá tìrókò, ọkọ Yánníbo, ni èyí ní aṣọ òde òní.

Ìfiwéra yìí jinlẹ̀ ju ìwà lọ, ó kan ìgbékalẹ̀. Lákọ̀ọ́kọ́, nínú àlọ́, ohunkóhun tó wù kó ṣẹlẹ̀ sí Ìjàpá lálẹ́ òní, bí wọ́n lù ú, bí wọ́n lé e nílùú, bí ẹ̀yìn rẹ̀ fọ́ wẹ́wẹ́, yóò tún yọjú lálẹ́ ọ̀la bí ẹni pé nǹkan kan kò ṣe é. Bákan náà ni Basi. Ète tó dà rú ní ọ̀sẹ̀ yìí kò kọ́ ọ lọ́gbọ́n ní ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Òǹwòran tó mọ àlọ́ kò ní bèèrè ìdí rẹ̀, nítorí pé ètí rẹ̀ ti mọ irú ìtàn bẹ́ẹ̀ láti kékeré. Lẹ́ẹ̀kejì, àlọ́ àpagbè ní orin tí gbogbo agbo máa ń gbè. Nínú *Basi and Company*, gbólóhùn tí Basi wọ̀ sára aṣọ rẹ̀, àti èyí tí Madam onílé máa ń tún wí nípa owó, ń ṣe iṣẹ́ ègbè. Òǹwòran ń dúró dè é, ó sì ń bá wọn wí i. Báyìí ni tẹlifíṣọ̀n, tó jẹ́ pé ẹnì kan ló ń sọ̀rọ̀ tí àwọn yòókù ń wò, fi padà di agbo.

Lẹ́ẹ̀kẹta, níbi tí eré náà ti yà kúrò lọ́nà àlọ́ ni ọgbọ́n rẹ̀ wà. Nínú àlọ́, Ìjàpá nìkan ni ọ̀lẹ. Àwọn ẹranko yòókù ń ro oko, wọ́n ń pọn omi, wọ́n sì ń jọ dá a lẹ́jọ́ nígbà tí àṣírí bá tú. Ní pópó Adétọ́lá, ta ni yóò dá ta lẹ́jọ́? Josco gbájú-ẹ̀ ni. Dandy tó ń ta ọtí ń wá èrè òjijì. Segi arẹwà náà kì í jìnnà sí ibi tí owó bá ti ń rùn. Madam tó nílé lórí ń lépa owó bí ẹni tí kò jẹun rí, ó sì wà nínú ẹgbẹ́ àwọn obìnrin olówó tí wọ́n fi owó dọ́là Amẹ́ríkà pe orúkọ ara wọn. Àní Alali tí ebi ń pa ń tẹ̀ lé ọ̀gá rẹ̀ nítorí ohun tó lè jẹ́ tirẹ̀ níbẹ̀. Gbogbo àdúgbò ti di Ìjàpá. Ìlú tí gbogbo ará rẹ̀ jẹ́ Ìjàpá kò ní oko tí Ìjàpá yóò jí iṣu rẹ̀ wà. Èyí ni ìbáwí tó mú jù nínú eré náà. Kò sí ẹni tó sọ ọ́ jáde lẹ́nu nínú eré, òǹwòran ló ń rí i fúnra rẹ̀ lẹ́yìn ẹ̀rín.

Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá, ti sọ irú ọ̀rọ̀ yìí ṣáájú nínú fíìmù *Ọ̀run Móoru* ní ọdún 1982, níbi tí ìfẹ́ owó òjijì ti sọ ọkùnrin kan di ẹni ẹ̀tàn. Ṣùgbọ́n Bàbá Sàlá fi ara ṣe àwàdà rẹ̀: agogo ńlá tó so mọ́rùn ọwọ́, awò ojú tí kò ní gíláàsì, ìrìn rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnu ni Basi fi ṣe tirẹ̀. Ibi tí ọ̀kan ti kẹ́kọ̀ọ́ ni orí ìtàgé alárìnjò, ibi tí èkejì ti kẹ́kọ̀ọ́ ni orí ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ àti nínú rédíò. Ọ̀nà ẹ̀kọ́ wọn hàn nínú ẹ̀rín wọn.

Ọ̀rọ̀ Lórí Èdè

Ní àkókò tí *Basi and Company* jáde, èdè Gẹ̀ẹ́sì tí a bù lù àti èdè pijin ni ó gbajúmọ̀ nínú àwàdà tẹlifíṣọ̀n tó ń lọ káàkiri orílẹ̀-èdè. *The New Masquerade* jẹ́ àpẹẹrẹ kan. Saro-Wiwa kọ èyí sílẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì tó tọ́, tó sì rọrùn, ni ó fi sí ẹnu àwọn ẹ̀dá-ìtàn rẹ̀, nítorí ó mọ̀ pé àwọn ọmọdé ń wo eré náà. Ohun tó yani lẹ́nu ni pé ní ọdún 1985 kan náà ni ó tẹ *Sozaboy* jáde, ìwé ìtàn àròsọ tí ó mọ̀ọ́mọ̀ fi Gẹ̀ẹ́sì jíjẹrà kọ. Nítorí náà, kì í ṣe àìmọ̀kan ni. Ó mọ irú èdè tó yẹ ìwé, ó sì pinnu irú èyí tó yẹ orí tẹlifíṣọ̀n.

Ó rọrùn fún olùkọ́ èdè Yorùbá láti dá òǹkọ̀wé yìí lẹ́bi. Èkó ni ibùdó ìtàn eré náà, orúkọ Yorùbá ni pópó náà ń jẹ́, síbẹ̀ èdè Yorùbá fẹ́rẹ̀ẹ́ má sí níbẹ̀. Pópó Èkó wo ni ènìyàn yóò rìn já tí kò ní gbọ́ Yorùbá? Ẹ̀sùn yìí lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ó dín ìjótìítọ́ ibùdó ìtàn náà kù, ó sì sọ Èkó di ilẹ̀ tí kò ní onílé.

Ṣùgbọ́n kí onídàájọ́ má gbọ́ ẹnu ẹnì kan dájọ́. Ẹ̀yà kékeré ni àwọn Ogoni. Nínú àpilẹ̀kọ kan tí Saro-Wiwa kọ ní ọdún 1992 lórí èdè lítíréṣọ̀ Áfíríkà, ó ṣàlàyé pé èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó fún òun láǹfààní láti bá àwọn ẹ̀yà mìíràn sọ̀rọ̀, kò sì gbà pé òǹkọ̀wé tó lò ó ti kọ àwọn ènìyàn rẹ̀ sílẹ̀. Ọmọ Yorùbá tó bá kọ eré ní èdè abínibí rẹ̀ ń bá ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù ènìyàn sọ̀rọ̀. Ó ní ilé ìtẹ̀wé, ó ní ilé-iṣẹ́ rédíò, ó ní ẹ̀ka ẹ̀kọ́ ní yunifásítì. Ọmọ Ogoni kò ní èyí. Nígbà tí àwọn elédè ńlá bá ń sọ pé kí kálukú lo èdè abínibí, ó yẹ kí wọ́n rántí pé ọ̀nà tí wọ́n ń tọ́ka sí kò ṣí sílẹ̀ bákan náà fún gbogbo ènìyàn. Bí Ìṣọ̀lá ṣe tọ̀nà nínú ohun tó yàn, Saro-Wiwa náà ní ìdí tirẹ̀. Ohun tí kò tọ̀nà ni orílẹ̀-èdè tí kò pèsè ọ̀nà fún àwọn èdè kéékèèké láti dé orí ìtàgé àti orí tẹlifíṣọ̀n.

Ohun Tí Eré Náà Kò Bèèrè

Àwọn àléébù mìíràn wà. Àwọn obìnrin inú eré náà kò pọ̀, ohun tí wọ́n sì ń ṣe kò kọjá owó àti ẹwà. Bí ìpín eré ṣe ń pọ̀ sí i, òǹwòran ti mọ ibi tí ète yóò já sí. Àtúnwí tó jẹ́ adùn nínú àlọ́ alẹ́ kan lè di àgúnlá nígbà tó bá di ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ fún ọdún márùn-ún. Bákan náà, ó ṣòro láti mọ̀ bóyá ẹ̀rín náà wo àìsàn tó ń bú sàn. Basi dùn ún wò. Ẹni tó wọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sára lè wọ̀ ọ́ láti fi ṣe yẹ̀yẹ́, ó sì lè wọ̀ ọ́ nítorí ó gbà á gbọ́. Ọ̀rọ̀ burúkú tòun tẹ̀rín ni eré náà, ṣùgbọ́n ẹ̀rín máa ń tètè wọlé ju ọ̀rọ̀ burúkú lọ.

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹfà, ó ju èje lọ. Ìbéèrè kan wà tí *Basi and Company* kò bèèrè rárá: níbo ni owó tí gbogbo wọn ń lé yìí ti ń wá? Inú ilẹ̀ ni ó ti ń wá. Apá kan rẹ̀ ń wá láti ilẹ̀ Ogoni, níbi tí wọ́n ti rí epo rọ̀bì láti ọdún 1958. Òǹkọ̀wé náà mọ èyí ju ẹnikẹ́ni lọ. Síbẹ̀, pópó Adétọ́lá dá bí erékùṣù. Owó ń kọjá lókè rẹ̀ bí ẹyẹ, kò sẹ́ni tó béèrè igi tó ti fò wá. Àwàdà orí tẹlifíṣọ̀n ìjọba, ní abẹ́ ìjọba ológun, lè bú ẹni tó ń lé owó. Ó ṣòro kí ó tó lè bú ẹni tó ń pín in.

Bí eré náà ti ń parí ní ọdún 1990 ni Saro-Wiwa bọ́ sí ojú ìjà. Ní ọdún náà ni wọ́n gbé Ìwé Ẹ̀tọ́ Ogoni jáde, tí ẹgbẹ́ MOSOP sì bẹ̀rẹ̀. Ní oṣù kìíní ọdún 1993, ọ̀pọ̀ ènìyàn Ogoni tú jáde sí ìgboro. Ìbéèrè tí Basi kò bèèrè ni gbogbo wọn ń bèèrè. Ní ọjọ́ kẹwàá oṣù kọkànlá ọdún 1995, ìjọba ológun pokùnso Saro-Wiwa àti àwọn mẹ́jọ mìíràn ní Port Harcourt. Ọmọ ọdún 54 ni. Ní ọjọ́ kejìlá oṣù kẹfà ọdún 2025, ìjọba àpapọ̀ kéde ìdáríjì fún àwọn mẹ́sẹ̀ẹ̀sán, ó sì fi oyè orílẹ̀-èdè dá wọn lọ́lá. Àwọn kan bèèrè pé ẹ̀ṣẹ̀ wo ni wọ́n dárí rẹ̀ jì wọ́n.

Kò yẹ kí lámèyítọ́ fi ikú yìí bo àléébù eré náà, kò sì yẹ kó fi àléébù eré náà dín ikú yìí kù. Ohun tó yẹ ni láti rí i pé ìgbésẹ̀ kan ló ń bí òmíràn. Ẹni tó kọ́ bí a ti í mú àwùjọ rẹ́rìn-ín lórí ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ ni ó wá mọ bí a ti í pe àwùjọ jọ. Nígbà tí àwàdà dé ibi tí kò lè kọjá, ó sọ̀ ọ́ kalẹ̀, ó sì fi ẹsẹ̀ rìn.

Ẹ̀kọ́ fún Àwọn Ilé-Ẹ̀kọ́ Olùkọ́ni

Àbá mẹ́rin ni ó jáde láti inú àyẹ̀wò yìí.

Èkíní, kí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ Yorùbá kọ̀ọ̀kan máa tọ́jú ìwé eré tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ bá kọ. Bí *The Transistor Radio* bá ti sọnù ní Ìbàdàn, kò sí ohun tí òǹkọ̀wé rẹ̀ ìbá padà sí. Ìwé eré akẹ́kọ̀ọ́ kò gbọ́dọ̀ di ohun tí wọ́n fi ń di àkàrà.

Èkejì, kí olùkọ́ má kánjú láti mú akẹ́kọ̀ọ́ ṣe eré ńlá tó kún fún ọba àti ìjòyè. Eré ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tó ní ẹ̀dá-ìtàn mẹ́ta ń kọ́ ènìyàn ní ìfìwàwẹ̀dá àti ìsọ̀rọ̀gbèsì ju eré wákàtí mẹ́ta lọ.

Ẹ̀kẹta, kí wọ́n máa gbé eré kan náà láti ìtàgé sí rédíò, kí wọ́n tó gbé e sí ojú kámẹ́rà. Fóònù alágbèéká ti sọ èyí di ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ lè ṣe láìná owó púpọ̀. Nípa bẹ́ẹ̀ ni yóò ti mọ ohun tí ọ̀rọ̀ lè ṣe àti ohun tí àwòrán lè ṣe. Àlọ́ Ìjàpá dára láti fi bẹ̀rẹ̀, bí akẹ́kọ̀ọ́ bá lè sọ ibi tí Ìjàpá ń gbé lónìí àti iṣẹ́ tó ń pé òun ń ṣe.

Ẹ̀kẹrin, kí ẹ̀kọ́ eré má mọ sí orí kíkọ àti ṣíṣe. Kí akẹ́kọ̀ọ́ mọ bí a ti í ṣírò owó eré, bí a ti í wá onígbọ̀wọ́, àti bí a ti í dáàbò bo ẹ̀tọ́ òǹkọ̀wé. Ẹni tó bá mọ ìwé eré kọ tí kò mọ bí eré ti ń jáde yóò máa kọ ọ́ fún ẹlòmíràn jẹ ni.

Àgbálọgbábọ̀

Iṣẹ́ yìí ti tọ ipasẹ̀ Ken Saro-Wiwa láti Ìbàdàn dé Enúgù, láti orí ìtàgé sí rédíò, láti rédíò sí tẹlifíṣọ̀n. Ó ti hàn pé ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ fún un ní ìrísí, ogún ọdún inú ayé fún un ní ọ̀rọ̀ tí yóò sọ, òwò sì fún un ní agbára láti sọ ọ́. Ó tún hàn pé *Basi and Company* jẹ́ ọmọ àlọ́, tó gbọ́n nínú bí ó ṣe sọ gbogbo àdúgbò di Ìjàpá, tó sì kùdíẹ̀ káàtó nínú pé kò tọpa owó dé orísun rẹ̀. Òǹkọ̀wé rẹ̀ fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ tọpa náà dé ibẹ̀. Gbọ̀ngàn kékeré tí akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́ta ti ń ṣe eré lálẹ́ ọjọ́ Ẹtì kan kì í ṣe ibi eré lásán. Olùkọ́ tó jókòó sí ìlà iwájú kò mọ èyí tí yóò pe ìlú jọ nínú wọn, nítorí náà kí ó wo gbogbo wọn dáadáa.